Orúkọ Kan, Ilẹ̀kùn Méjì: Àyẹ̀wò Iṣẹ́ Eugeniusz Bodo, Òṣèré Sinimá Ilẹ̀ Pólándì

Ọ̀pọ̀ nínú àwa tí ń kọ́ni ní ilé ẹ̀kọ́ ni ó ní àṣà kan tí kò dára tó. Nígbà tí a bá ń sọ̀rọ̀ lórí eré, èyí tí ó bá mú ẹkún wá ni à ń pè ní eré ọlọ́gbọ́n. Èyí tí ó bá mú ẹ̀rín wá, a ó ní eré ọmọdé ni. Bí ọmọ ilé ẹ̀kọ́ kan bá sì dìde tí ó bi wá pé kí ni ó mú kí ẹ̀fẹ̀ kan dára ju ẹ̀fẹ̀ mìíràn lọ, àwa gan-an kì í tètè rí èsì fún un. Ìdí nìyí tí mo fi fẹ́ mú ọ̀rọ̀ òṣèré kan wá síwájú ẹ̀yin òǹkàwé, ẹni tí ó fi pípa ènìyàn lẹ́rìn-ín ṣe iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n tí ikú rẹ̀ burú tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi ṣòro láti sọ̀rọ̀ nípa eré rẹ̀ kí àánú má ṣe ẹni. Eugeniusz Bodo ni orúkọ rẹ̀. Ilẹ̀ Pólándì ni òkìkí rẹ̀ ti kàn, ní àwọn ọdún tí ó wà láàárín ogun àgbáyé kìíní àti èkejì.

Ohun tí mo fẹ́ fi hàn kò ju ọ̀kan lọ. Àṣìmọ̀ ni òpó tí ó gbé eré Bodo ró: a ṣi ẹnìkan mọ̀ sí ẹlòmíràn, àlejò kan ilẹ̀kùn tí kì í ṣe tirẹ̀, orúkọ ẹnìkan bọ́ sí ọrùn ẹnìkejì, nígbà tí ó bá yá, gbogbo rẹ̀ a lójútùú, a ó sì rẹ́rìn-ín. Àṣìmọ̀ ni ó sì pa Bodo fúnra rẹ̀, ṣùgbọ́n èyí kò lójútùú rárá. Ẹni tí ó bá fẹ́ dá ẹjọ́ òdodo lórí iṣẹ́ rẹ̀ gbọ́dọ̀ mọ ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín àṣìmọ̀ méjèèjì wọ̀nyí, kí ó má ṣe fi ẹkún ikú rẹ̀ kun eré rẹ̀ lójú, kí ó má sì ṣe fi ẹ̀rín eré rẹ̀ bo ikú rẹ̀ mọ́lẹ̀.

Ilé là á wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Ilé tí a bí Bodo sí, ilé ọmọ ilẹ̀ méjì ni. Ìlú Geneva ní ilẹ̀ Switzerland ni a ti bí i, ní ọjọ́ 28 oṣù Kejìlá ọdún 1899. Ọmọ Switzerland ni baba rẹ̀, Teodor Junod. Ọmọ Pólándì ni ìyá rẹ̀, Jadwiga Dylewska. Bohdan Eugène Junod ni wọ́n sọ ọmọ náà. Łódź, ìlú àwọn ahunṣọ, ni ó ti dàgbà, níbi tí baba rẹ̀ ti ní ilé sinimá àti ilé eré kan tí ń jẹ́ Urania. Bẹ́ẹ̀ ni ọmọ náà ṣe mọ òórùn ilé eré kí ó tó mọ nǹkan púpọ̀ mìíràn. Ní àkókò yẹn, orúkọ Pólándì pàápàá kò sí lórí àwòrán ayé, nítorí láti ọdún 1795 ni Rọ́ṣíà, Prussia àti Austria ti pín ilẹ̀ náà mọ́wọ́ tán. Ọdún 1918 ni ó tó padà di orílẹ̀-èdè tí ń dá ṣe ìjọba ara rẹ̀.

Nígbà tí ọ̀dọ́mọkùnrin yìí fẹ́ fi eré ṣe iṣẹ́, òun fúnra rẹ̀ ni ó sọ ara rẹ̀ lórúkọ. Ó mú ìbẹ̀rẹ̀ Bohdan, orúkọ ara rẹ̀. Ó mú ìbẹ̀rẹ̀ Dorota, ọ̀kan nínú àwọn orúkọ ìyá rẹ̀. Ó so wọ́n pọ̀, ó di Bodo. Orúkọ kékeré ni, kò ṣòro pè, ó sì rọrùn láti kọ gàdàgbà sí ara ògiri ilé sinimá. Ṣùgbọ́n nínú ìwé ìjọba, Junod ni ó ń jẹ́, ọmọ ilẹ̀ Switzerland ni wọ́n sì kà á sí, nítorí baba rẹ̀. Mo bẹ òǹkàwé kí ó fi ọ̀rọ̀ ìwé yìí sọ́kàn, nítorí a óò padà bá a.

Ní ọdún 1917 ni ó ṣeré ní ìlú Poznań. Ní ọdún 1919 ó dé Warsaw, olú ìlú Pólándì. Ní Warsaw nígbà náà, ilé eré alẹ́ pọ̀, irú bí Qui Pro Quo àti Morskie Oko, níbi tí wọ́n ti ń fi orin, ijó àti ẹ̀fẹ̀ kéékèèké dá àwọn ènìyàn lára yá. Kò sí ilé ẹ̀kọ́ tí ó le tó bẹ́ẹ̀ fún òṣèré. Eré gígùn lè farada òṣèré tí kò mọ̀ ọ́n ṣe tó, nítorí ìtàn yóò gbé e. Ṣùgbọ́n ẹ̀fẹ̀ tí kò ju ìṣẹ́jú mélòó kan lọ kò ní ìtàn tí yóò gbé ẹnikẹ́ni. Bí òṣèré bá ṣe wọlé, bí ó ṣe ṣí fìlà, ibi tí ó ti dánu dúró kí ó tó sọ ọ̀rọ̀ tí ó kẹ́yìn, àwọn ni ohun gbogbo. Bí ó bá yá jù, ẹ̀fẹ̀ ti kú. Bí ó bá pẹ́ jù, ẹ̀fẹ̀ ti rà. Ibẹ̀ ni Bodo ti kọ́ ìwọ̀n. Ohùn rẹ̀ kì í ṣe ohùn ńlá. Bí ẹni tí ń sọ̀rọ̀ ni ó ṣe ń kọrin. Síbẹ̀ kò sí ọ̀rọ̀ kan nínú orin rẹ̀ tí etí kò ní gbọ́ ketekete, ẹsẹ̀ rẹ̀ kì í sì í ṣi ìlù. Àwọn ènìyàn mọ̀ ọ́n sí ẹni tí ń múra dáradára àti ẹni tí kì í mutí. Ẹ̀rín tí ó dà bí ẹni pé ó ń bọ́ lẹ́nu rẹ̀ lásán, iṣẹ́ ni ó ti ṣe é tẹ́lẹ̀.

Ọdún 1925 ni ó kọ́kọ́ hàn nínú sinimá, nínú eré tí a pè ní Rywale, nígbà tí sinimá kò tíì ní ohùn. Kí a má ṣe rò pé ọ̀nà rẹ̀ tẹ́jú láti ìgbà náà lọ. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 1929, ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ tí òun fúnra rẹ̀ ń wà ní jàǹbá nítòsí ìlú Łowicz, òṣèré ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kan, Witold Roland, sì kú nínú rẹ̀. Ilé ẹjọ́ dá a lẹ́bi, ó dá ẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́fà fún un, ṣùgbọ́n wọ́n dá ìyà náà dúró, kò sì wọ ẹ̀wọ̀n. Mo mẹ́nu kan èyí kí a má baà sọ olóògbé di áńgẹ́lì. Ènìyàn ẹlẹ́ran ara ni, ó sì ní ẹrù tirẹ̀ tí ó ń rù.

Nígbà tí sinimá Pólándì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ ní ọdún 1930, ẹni tí ó ti ń sọ̀rọ̀ tí ó sì ń kọrin ní alaalẹ́ láti ọdún mọ́kànlá kò ní ìbẹ̀rù. Ó rí i pé òṣèré tí kò ní ilé iṣẹ́ tirẹ̀ kò yàtọ̀ sí alágbàṣe lóko olóko. Nítorí náà ní ọdún 1931 òun àti olùdarí eré Michał Waszyński àti àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn dá ilé iṣẹ́ sinimá kan sílẹ̀ tí ń jẹ́ B-W-B. Ní ọdún 1933 ó dá tirẹ̀ sílẹ̀, ó sì pè é ní Urania, orúkọ ilé eré baba rẹ̀. Ó di òṣèré, olówó eré, alábàákọ ìtàn, nígbà tí ó sì yá, ó di olùdarí. Bíi 30 ni iye sinimá tí ó ṣe ní gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀.

Ibí yìí ni iṣẹ́ olùyẹ̀wò ti le, nítorí gbogbo ohun tí ó jáde láti ọwọ́ Bodo kọ́ ni ó dára. Ilé iṣẹ́ tí ó gbọ́dọ̀ ta tíkẹ́ẹ̀tì kí ó tó jẹun kì í fi gbogbo ìgbà yan èyí tí ó jinlẹ̀. Ẹ jẹ́ kí a mú méjì nínú wọn yẹ̀ wò. Ní ọdún 1932 ni Głos pustyni jáde, èyí tí í ṣe Ohùn Aṣálẹ̀. Wọ́n rin ìrìn àjò lọ sí Algeria láti ya àwòrán rẹ̀, Bodo sì wọ aṣọ ńlá, ó wé láwàní, ó di Ṣéíkì. Ní ọdún 1934 ni Czarna perła jáde, èyí tí í ṣe Péálì Dúdú. Nínú rẹ̀ Bodo jẹ́ atukọ̀ ọmọ Pólándì kan tí ó bá ọmọbìnrin kan pàdé ní erékùṣù Tahiti, tí ó mú un wá sílé pẹ̀lú péálì olówó iyebíye, tí ojú rẹ̀ sì kúrò lára ọmọbìnrin náà nígbà tí ó bọ́ sáàárín àwọn ọlọ́lá. Ọmọbìnrin náà ni ó sì fi ẹ̀mí rẹ̀ gba atukọ̀ náà là níkẹyìn. Ẹni tí ó ṣe ọmọbìnrin yìí, ọmọ àwọn erékùṣù agbègbè náà ni lóòótọ́. Anne Chevalier ni orúkọ rẹ̀, Reri ni wọ́n fi ń pè é nínú eré, òun ni ó sì ti hàn ní ọdún 1931 nínú sinimá Tabu tí F. W. Murnau ṣe. Òun àti Bodo fẹ́ràn ara wọn fún ìgbà díẹ̀.

Kí ni àbùkù eré méjèèjì? Àbùkù wọn ni pé ará òkèèrè inú wọn kò ní ilé tirẹ̀ nínú ìtàn náà. A mú un wá kí ojú lè rí ohun àjèjì; nígbà tí ojú bá sì ti rí i tó, a ó jẹ́ kí ó kú, kí ọ̀nà lè mọ́ fún àwọn yòókù. Péálì Dúdú tilẹ̀ gbìyànjú láti bá àwọn ọlọ́lá wí nítorí ìgbéraga wọn, èyí sì jẹ́ ohun ìyìn. Ṣùgbọ́n kò gbìyànjú tó láti bi ọmọbìnrin náà léèrè ohun tí òun fúnra rẹ̀ ń rò. Bodo ní ajá ńlá kan tí ó máa ń bá a hàn nínú sinimá, Sambo ni ó sì sọ ọ́, èyí tí í ṣe orúkọ tí àwọn aláwọ̀ funfun kan fi ń fi aláwọ̀ dúdú ṣe ẹlẹ́yà. N kò rò pé ìkà ni ó fi sọ ọ́. Àìronú ni, àìronú gbogbo ayé ìgbà náà. Ṣùgbọ́n àìronú pẹ̀lú ní ẹni tí ó ń dùn.

Ọ̀rọ̀ yìí kàn wá ju bí a ti rò lọ. Ní àwọn ọdún wọ̀nyẹn kan náà, ọmọ Èkó kan ń gbé ní Warsaw, ó sì ń fi ìlù lílù jẹun nínú ẹgbẹ́ olórin jáàsì. August Agboola Browne ni orúkọ rẹ̀. Èkó ni wọ́n ti bí i ní ọdún 1895. Ó dé Pólándì ní ọdún 1922, ó gbé obìnrin ibẹ̀ níyàwó, ó sì bí ọmọkùnrin méjì. Nínú ìwé tí ó kọ ní ọdún 1949 láti wọ ẹgbẹ́ àwọn tí ó ti jagun, ó sọ pé òun wà lára àwọn tí ó dìde sí àwọn Jámánì ní Warsaw ní ọdún 1944. London ni ó kú sí ní ọdún 1976, wọ́n sì gbé òkúta ìrántí kalẹ̀ fún un ní Warsaw ní ọdún 2019. Ẹ wo ìyàtọ̀ náà. Sinimá ń wá aláwọ̀ dúdú lọ sí erékùṣù Tahiti, nígbà tí ọkùnrin kan tí ń jẹ́ Agboola, tí ó ní aya, tí ó ní ọmọ, tí ó ní iṣẹ́ lọ́wọ́, ń gbé ní ìlú wọn gan-an. Eré tí kò rí ẹni tí ó wà nítòsí ni ó máa ń ṣe àṣejù nípa ẹni tí ó wà lókèèrè.

Nígbà tí Bodo padà sí ilé tí ó mọ̀, sí àtẹ̀gùn àti yàrá àti ilẹ̀kùn àwọn ará Warsaw, ni iṣẹ́ rẹ̀ dé góńgó. Ẹ̀rí èyí ni Piętro wyżej tí ó jáde ní ọdún 1937, èyí tí a lè pè ní Pẹ̀tẹ́ẹ̀sì Kan Sókè. Leon Trystan ni ó darí rẹ̀. Bodo, Emanuel Schlechter àti Ludwik Starski ni ó kọ ìtàn rẹ̀. Henryk Wars ni ó ṣe orin rẹ̀. Ìtàn náà kò le. Ilé kan wà ní Warsaw tí ọkùnrin méjì ń gbé, tí orúkọ ìdílé wọn jẹ́ ọ̀kan náà bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé wọn kò bá ara wọn tan. Hipolit Pączek ni baba onílé, ó ń gbé nísàlẹ̀. Àgbàlagbà tí ó fẹ́ràn orin àtijọ́ ni, Józef Orwid ni ó sì ṣe é. Henryk Pączek ni ayálégbé, ó ń gbé lókè. Òun ni Bodo, ó ń ṣiṣẹ́ sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ lórí asọ̀rọ̀mágbèsì, jáàsì ni ó sì fẹ́ràn. Orin ìsàlẹ̀ ń bí ti òkè nínú, orin òkè ń bí ti ìsàlẹ̀ nínú. Ní ọjọ́ kan, Lodzia, ọmọbìnrin kan tí í ṣe ẹbí baba onílé, tí Helena Grossówna ṣe, dé sí Warsaw. Ó wá orúkọ Pączek, ó rí orúkọ Pączek, ó sì wọlé, ṣùgbọ́n Pączek tòkè ni ó wọ̀ lọ bá. Láti ibẹ̀ ni gbogbo eré náà ti tú jáde bí òwú lára kẹ̀kẹ́ ìrànwú.

Nígbà tí a bá yẹ eré yìí wò fínnífínní, a ó rí ohun mẹ́ta tí ó mú un dára. Èkíní ni pé àwa òǹwòran mọ òtítọ́ kí àwọn tí ó wà nínú eré tó mọ̀ ọ́n. Àwa rí i pé ilẹ̀kùn tí Lodzia kàn kì í ṣe ilẹ̀kùn náà. Nítorí náà, gbogbo ọ̀rọ̀ tí ó bá sọ ní ìtumọ̀ méjì, ọ̀kan fún un, ọ̀kan fún wa. Ẹ̀rín wa ń ti inú ìmọ̀ jáde, kì í ṣe inú òmùgọ̀. Èkejì ni pé ìjà náà kéré, ó sì dọ́gba. Orin àtijọ́ ń bá jáàsì jà, àgbà ń bá ọ̀dọ́ jà, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí a sọ di ẹ̀gàn. Orwid kò ṣe baba onílé bí òǹrorò. Ọkùnrin tí ó fẹ́ kí etí òun sinmi ni. Bodo pẹ̀lú kò ṣe Henryk bí akọni. Aláriwo tí inú rẹ̀ mọ́ ni. Ẹ̀kẹta ni ìwọ̀n tí mo ti sọ ṣáájú. Apá kan wà nínú eré náà, níbi àríyá àwọn abójú, tí Bodo wọ aṣọ obìnrin, tí ó fi irun wúrà borí, tí ó sì ń fara wé Mae West, òṣèrébìnrin Amẹ́ríkà. Lọ́wọ́ aláìmọ̀ọ́ṣe, ohun ìríra ni ìbá jẹ́. Ṣùgbọ́n Bodo kò sáré, kò pariwo, kò sì fi obìnrin ṣẹ̀sín. Jẹ́jẹ́ ni ó ń rìn, bí ẹni tí ó gbé ìkòkò omi lérí, ìfarabalẹ̀ yẹn ni ó sì ń pa ni lẹ́rìn-ín.

Kì í ṣe eré yìí nìkan ni ó fi àṣìmọ̀ ṣe ìpìlẹ̀. Nínú Czy Lucyna to dziewczyna ti ọdún 1934, Jadwiga Smosarska jẹ́ obìnrin tí ó kọ́ṣẹ́ ẹ̀rọ, tí ó wọ aṣọ ọkùnrin kí ó lè rí iṣẹ́ ṣe, Bodo sì jẹ́ ọkùnrin tí kò mọ ẹni tí ń bẹ níwájú òun. Nínú Paweł i Gaweł ti ọdún 1938, tí ó yá orúkọ rẹ̀ lọ́wọ́ ewì ọmọdé kan tí Aleksander Fredro kọ, òun àti Adolf Dymsza jẹ́ aládùúgbò méjì tí wọn kò jẹ́ kí ara wọn gbádùn. Ní ọdún 1938 kan náà ni ó ṣe Strachy, níbi tí ó ti bọ́ agbádá ẹ̀fẹ̀ sílẹ̀ tí ó sì di Modecki, oníjó kan tí ògo rẹ̀ ti ń wọ̀, láàárín àwọn ọmọbìnrin tálákà tí ń fi ijó jẹun nílé eré alẹ́. Ẹni tí ó bá wo Strachy yóò mọ̀ pé ọkùnrin yìí mọ ẹkún pẹ̀lú. Ó mọ̀ ọ́n, ó sì yan ẹ̀rín.

Ní ọdún 1939 ó ṣí ilé kọfí kan ní Warsaw, ó sì fi orúkọ ara rẹ̀ pè é. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún náà, ogun dé. Àwọn Jámánì wọ Pólándì láti ìwọ̀ oòrùn, ìjọba Sófíẹ̀tì wọ̀ ọ́ láti ìlà oòrùn. Bodo sá lọ sí Lwów, tí ó bọ́ sọ́wọ́ ìjọba Sófíẹ̀tì. Níbẹ̀ ni ó ti bá ẹgbẹ́ olórin jáàsì tí Henryk Wars dá sílẹ̀ kọrin, tí wọ́n rìn káàkiri ilẹ̀ Sófíẹ̀tì, tí ó sì kọrin ní èdè Rọ́ṣíà pẹ̀lú. Ṣùgbọ́n ó ń wá ọ̀nà láti jáde, ìwé Switzerland tí ó jogún lọ́dọ̀ baba rẹ̀ ni ó sì dàbí kọ́kọ́rọ́ ìjáde.

Kọ́kọ́rọ́ náà di ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀. Ní ọjọ́ 22 oṣù Kẹfà ọdún 1941 ni Jámánì kọlu ìjọba Sófíẹ̀tì. Ní ọjọ́ 26, àwọn ọlọ́pàá inú ti Sófíẹ̀tì mú Bodo ní Lwów. Ní oṣù Keje ọdún náà, ìjọba Pólándì tí ó wà ní ìgbèkùn bá Sófíẹ̀tì ṣe àdéhùn, wọ́n sì kéde ìdásílẹ̀ fún àwọn ọmọ Pólándì tí ó wà lẹ́wọ̀n. Àwọn aṣojú Pólándì bẹ̀bẹ̀ fún Bodo. Èsì tí wọ́n gbà ni pé kì í ṣe ọmọ Pólándì. Ọmọ Switzerland ni. Bẹ́ẹ̀ ni Switzerland kò ní aṣojú kankan lọ́dọ̀ Sófíẹ̀tì nígbà náà, nítorí orílẹ̀-èdè méjèèjì kò bá ara wọn ṣe títí di ọdún 1946. Ọkùnrin tí gbogbo Pólándì mọ ojú rẹ̀ tí wọ́n sì mọ orin rẹ̀ di ẹni tí kò ní ilẹ̀ tí yóò gbà á sílẹ̀. Wọ́n tì í mọ́ ẹ̀wọ̀n Butyrki ní Moscow. Ní ọdún 1943 wọ́n dá àgọ́ iṣẹ́ àṣekára ọdún márùn-ún fún un, wọ́n ní ó jẹ́ ewu fún àwùjọ. Ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹwàá ọdún náà, ó kú ní Kotlas, ní àríwá Rọ́ṣíà, ebi àti àìlera sì ni ó pa á. Kò tíì pé ẹni ọdún 44.

Ẹ jẹ́ kí a fi èyí wé eré ọdún 1937. Kí ni ó mú kí ọ̀rọ̀ àwọn Pączek méjì lójútùú? Ilẹ̀kùn tí Lodzia ṣì kàn, a lè tún un kàn. Ẹnìkan wà nísàlẹ̀ tí a lè bi léèrè. Ẹni tí ó sì mọ òtítọ́ ń fẹ́ sọ ọ́. Níbi tí nǹkan mẹ́ta wọ̀nyí bá wà, àṣìmọ̀ di ẹ̀fẹ̀. Ní Lwów àti ní Moscow, àwọn aṣojú Pólándì kan ilẹ̀kùn, wọn kò ṣí i. Switzerland kò sí nítòsí tí a lè bi í. Àwọn tí ó mọ òtítọ́ kò fẹ́ sọ ọ́. Àṣìmọ̀ kan náà, nítorí àìsí nǹkan mẹ́ta, ó di ikú. Nítorí náà, ẹni tí ó bá sọ pé eré ẹ̀fẹ̀ ń tan ènìyàn jẹ kò sọ òtítọ́ tán. Eré ẹ̀fẹ̀ ń fi irú ìlú tí ó dára láti gbé hàn wá: ìlú tí a ti lè bi ara wa léèrè pé, "Ta ni ọ́? Ṣé ìwọ ni mò ń wá?", tí a ó sì dúró gbọ́ èsì.

Lẹ́yìn ikú rẹ̀, irọ́ tún bo ibojì rẹ̀. Nígbà tí Pólándì bọ́ sábẹ́ òjìji Sófíẹ̀tì lẹ́yìn ogun, wọ́n sọ fún àwọn ènìyàn pé àwọn Jámánì ni ó pa Bodo ní Lwów. Irọ́ náà jọ òtítọ́, nítorí ní ọjọ́ 30 oṣù Kẹfà ọdún 1941 ni àwọn Jámánì wọ Lwów, ọjọ́ mẹ́rin péré lẹ́yìn tí wọ́n mú un, wọ́n sì pa ọ̀pọ̀ ènìyàn níbẹ̀ lóòótọ́, àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n ilé ẹ̀kọ́ gíga pẹ̀lú. Ṣùgbọ́n bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Èyí ju ogún ọdún lọ; lẹ́yìn tí ìjọba Sófíẹ̀tì wó ni ìwé tí ó fi òtítọ́ hàn tó jáde. Ní ọdún 1997, Stanisław Janicki ṣe sinimá kan nípa ayé rẹ̀. Ní ọdún 2011, wọ́n gbé àmì ìrántí kalẹ̀ fún un ní Kotlas.

Janicki fún sinimá rẹ̀ ní orúkọ ọ̀kan nínú àwọn eré tí Bodo fúnra rẹ̀ darí ní ọdún 1938, Za winy niepopełnione, èyí tí í ṣe Nítorí Ẹ̀ṣẹ̀ Tí A Kò Dá. Orúkọ náà bá a mu dé ibi pé àwọn mìíràn lè rò pé Bodo ti ń sọ àsọtẹ́lẹ̀. Ibí yìí ni mo ti fẹ́ kí a ṣọ́ra. Bodo kò sọ àsọtẹ́lẹ̀ kankan. Ó ń ṣe eré fún àwọn tí ó san owó wọlé ní ọdún 1938, kò sì mọ ohun tí ń bọ̀ ju bí àwọn náà ti mọ̀ ọ́n lọ. Bí a bá sọ gbogbo eré rẹ̀ di àpèjúwe ikú rẹ̀, a ti gba iṣẹ́ rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, a sì ti fi í fún àwọn tí ó pa á. Pẹ̀tẹ́ẹ̀sì Kan Sókè dára nítorí pé a ṣe é dáradára. Bí Bodo ìbá dàgbà darúgbó lórí ibùsùn rẹ̀, eré náà kì bá dín kù ní ohunkóhun.

Àwọn tí ó jọ ṣe é, ogun tú wọn ká. Àwọn Jámánì pa Schlechter, tí í ṣe Júù, ní Lwów. Orwid kú ní Warsaw ní oṣù Kẹjọ ọdún 1944, nígbà tí ìlú náà dìde. Grossówna wà lára àwọn tí ó jà nínú ìdìde náà, ó sì yè é, ó gbé ayé títí di ọdún 1994. Wars dé Amẹ́ríkà, níbẹ̀ ni ó sì kú sí ní ọdún 1977. Síbẹ̀ eré náà wà. Ẹni tí ó bá wò ó lónìí yóò tún bá gbogbo wọn nínú ilé kan náà, lórí àtẹ̀gùn kan náà, tí wọ́n ń bá ara wọn jà nítorí orin.

Ẹ̀yin olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, nígbà mìíràn tí àwọn ọmọ bá rẹ́rìn-ín nítorí eré, ẹ má ṣe pa wọ́n lẹ́nu mọ́ kíákíá. Ẹ bi wọ́n ní ìbéèrè mẹ́ta. Kí ni àwa mọ̀ tí ẹni inú eré kò mọ̀? Ta ni a fi ń ṣe ẹlẹ́yà, ǹjẹ́ ó sì ní ilé tirẹ̀ nínú ìtàn náà? Bí ọ̀rọ̀ bá dojú rú, ilẹ̀kùn wo ni a tún lè kàn? Ọmọ tí ó bá lè dáhùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti mọ eré yẹ̀ wò. Bí ó bá sì di ẹni tí a fi sídìí ìwé ìjọba lọ́jọ́ iwájú, tí orúkọ ẹnìkan tí kò mọ̀ rí dé iwájú rẹ̀, bóyá yóò rántí pé orúkọ kan lè wà lẹ́nu ilẹ̀kùn méjì, yóò sì béèrè lẹ́ẹ̀kan sí i kí ó tó ti ilẹ̀kùn.